Ìjàpá Olósùn

Ààlọ́ o!
Ààlọ̀!

Àlọ́ mi dá fìrìgbágbòó, ó dá lórí Ìjàpá tìrókò, ọkọ Yánníbo.

Ebi ń pa Ìjàpá. Kò lóko, kò lódò. Ó jókòó, ó ń wo ayé. Ó rí akọ alángbá lórí ògiri: orí rẹ̀ pọ́n, ó ń mi í, abo ń yọjú. Ó rí àkùkọ: ogbe rẹ̀ pọ́n, àgbébọ̀ ń tẹ̀ lé e. Ó rí abo ìnàkí: ìdí rẹ̀ wú, ó pọ́n, akọ kò kúrò lẹ́yìn rẹ̀. (Ẹ̀yin ọmọdé, ẹ dijú.)

Ìjàpá ní, "Háà! Àwọ̀ pupa ni wọ́n fi ń sọ̀rọ̀ ìfẹ́, wọn kò sì gba kọ́bọ̀!"

Ó gé igi osùn, ó lọ̀ ọ́. Láéláé ni ìyàwó ti ń fi osùn kunra, ẹnì kan kò sọ ọ́ di ọ̀ràn. Ìjàpá dì í sínú ewé, ó fi òwú so ó, ó gbé agogo wọ ọjà. Ó ní ọjọ́ 14 oṣù Èrèlé ni ọjọ́ ìfẹ́. Ta ló sọ bẹ́ẹ̀? Ẹnì kan kò bèèrè. Ẹ bá mi gbè é:

Ta ló fẹ́ràn aya rẹ̀ o?
*Pupa, pupa roro.*
Kó wá rà á lọ́wọ́ Ahun o,
*Pupa, pupa roro.*
Bí kò bá pọ́n, ayédèrú ni o,
*Pupa, pupa roro.*

Ẹfọ̀n rà á. Ìgalà rà á. Ẹtu jẹ gbèsè rà á. Àdàbà nìkan ni kò rà á. Òun àti aya rẹ̀, aláwọ̀ eérú, ń ṣa koríko ìtẹ́ wọn lọ. Àwọn tó rà á ní wọn kò lajú.

Ọjọ́ 13, iye owó osùn di ìlọ́po mẹ́rin. Ọjọ́ 14, osùn tán. Ojúkòkòrò kò jẹ́ kí Ìjàpá palẹ̀ ọjà mọ́. Ó gún ata gbígbẹ, ó pò ó mọ́ iyẹ̀pẹ̀ pupa, ó ń tà á. Aya Ẹfọ̀n fi kunra, ó fò sókè. Ẹfọ̀n ní, "Ìfẹ́ ló ń jó o lára!" Aya Ìgalà ké, Ìgalà pàtẹ́wọ́. Àfìgbà tí Ẹtu fọwọ́ nu ojú ara rẹ̀.

"Yéè! Ata ni!"

Wọ́n mú Ìjàpá, wọ́n da èyí tó kù sí i lójú. Ó sáré relé. Yánníbo dúró lẹ́nu ọ̀nà: "Tèmi dà, baálé mi?"

Ìjàpá ní, "Wo ojú mi."

Àwọn ẹranko búra pé ó parí. Èrèlé ọdún kejì, agogo tún dún, wọ́n tún tò rẹrẹrẹ. Ẹ̀yin tí ẹ ti fowó sílẹ̀ dè é, èmi kò dárúkọ yín o.