Ìjàpá Jí Ààlè

Ààlọ́ o!
Ààlọ̀!

Àlọ́ mi dá fìrìgbagbóò, ó dá lórí Ìjàpá Tìrókò, ọkọ Yánníbo, àti àwọn ẹranko igbó Olúwa, lápá Odigbo sí Ore.

Láyé ìgbà náà, ẹranko kì í ti ilẹ̀kùn. Bí Ẹtu bá ṣẹ́gi, a kó o jọ sẹ́bàá ọ̀nà, a fi òòyà tó ti ká eyín kọ́ ọ lórí, a bá tirẹ̀ lọ. Ààlè nìyẹn. Ẹni tó bá mú igi náà, bí eyín òòyà ti ká ni nǹkan tirẹ̀ yóò máa ká. Ọ̀bọ a lo àkísà pupa. Òkété a lo kùùkù àgbàdo: bí wọ́n ṣe jẹ ẹ́ tán tí wọ́n sọ ọ́ nù ni ayé yóò ṣe sọ olè nù.

Ọ̀gbẹlẹ̀ wá dé. Ebi lé Ìjàpá dé ẹ̀yìn Odigbo, ó bá òkìtì iṣu Òkété létí ọ̀nà, kò sẹ́ni níbẹ̀. Ó nawọ́, ó rí kùùkù àgbàdo, ó káwọ́ kò. Ó tún nawọ́, ó tún ká a kò. Ló bá jókòó, ó ń ronú. Iṣu ní ààlè, igi ní ààlè, obì ní ààlè. Ààlè fúnra rẹ̀ ńkọ́? Ta ló pààlè sórí ààlè rí? Ó tú kùùkù àgbàdo, ó jù ú sápò, kò fọwọ́ kan iṣu kan ṣoṣo. Olóòótọ́ ni! Kílẹ̀ tó mọ́, ó ti kó ààlè igbó Olúwa tán pátá.

Oríta Ore ló kó o lọ. Ọ̀nà Ṣàgámù wọ ibẹ̀, ti Benin gba ibẹ̀ jáde, ti Oǹdó gba Odigbo sọ̀kalẹ̀, ti Okitipupa wá pàdé wọn. Níbẹ̀ náà ni ọmọ ogun ìjọba àpapọ̀ ti dá àwọn Biafra padà ní 1967, tí aráyé fi ń sọ títí dòní pé, "Ó le kú, ìjà Ore." Ohun tí wọ́n fi ìbọn ṣe, òòyà kíkán ni Ìjàpá fi ṣe é. Ó ta okùn dábùú ọ̀nà, ó so màrìwò, àkísà àti ìkarahun ìgbín mọ́ ọn, ó jókòó síbòòji, ó gbórin:

Lílé: Ta ló fẹ́ kọjá lóríta o?
Ègbè: Jáńdinrín, ààlè ń wò ọ́.
Lílé: Ẹtu onígi, tẹ́ nǹkan sílẹ̀.
Ègbè: Jáńdinrín, ààlè ń wò ọ́.
Lílé: Ọ̀bọ olóbì, tẹ́ nǹkan sílẹ̀.
Ègbè: Jáńdinrín, ààlè ń wò ọ́.

Wọ́n ń tẹ́ ẹ. Òkété rí kùùkù àgbàdo tirẹ̀ lórí okùn, ó dá a mọ̀ dáadáa, ẹ̀rù tún bà á. Ó san iṣu mẹ́ta.

Ìgbín nìkan ló dúró. "Ìjàpá, ìyá mi lo so kọ́ yẹn."

"Ìyá rẹ ti di ohun ìjọba."

"Láti ìgbà wo?"

"Láti ìgbà tí mo ti so ó."

Ìgbín gbẹ́jọ́ lọ bá Erin, ọba wọn. Ẹ mọ ìrìn ìgbín. Kó tó dé, iṣu Òkété ti dé ààfin, Erin ti gún un níyán. Ọba ní ẹni tó mọ ààlè so tó báyìí kò yẹ lẹ́ni tí í jókòó sẹ́bàá títì. Kí wọ́n fún un ní ọ́fíìsì. Bí Ìjàpá ṣe di Olórí Ilé-Iṣẹ́ Ààlè nìyẹn.

Nígbà tó di ọ̀gá, àkísà kò níyì lójú rẹ̀ mọ́. Ó rí hámà tí àwọn ẹ̀ṣọ́ igbó fi ń lu àmì sí gẹdú kó tó dé sọ́míìlì, ó gba ọ̀kan. Ó rí ọ̀dà pupa tí ìjọba fi ń kọ X sára ilé tó fẹ́ wó, ó ní ìyẹn gan-an lòun ń wá. X lára ìrókò, X lẹ́nu ihò Òkété, X lẹ́yìn Ìgbín níbi tó ti ń rìn lọ jẹ́ẹ́jẹ́. Ìgbà náà ni olè wá gbòde. Nígbà tí gbogbo nǹkan ti ní ààlè, ta ni yóò mọ èyí tó ní olówó?

Erin lọ sí àjò, ó dé lóru, ó bá màrìwò dábùú ẹnu ọ̀nà ààfin, X gàdàgbà lára ògiri.

"Ìjàpá! Ilé mi nìyí!"

Ìjàpá yọrí lójú fèrèsé yàrá ọba. "Kábíyèsí, ẹ kú àrìnbọ̀. Ilé yín ni, ta ló ń jiyàn? Rìsíìtì dà?"

Erin na ọwọ́jà sí màrìwò kó fà á já. Ó rántí eyín òòyà. Ó ká ọwọ́jà kò, ó ń wá àpò owó.

"Èló ni?"