Ìdá Méjì Kano

Àbọ̀ ọ̀rọ̀ là ń sọ fún ọmọlúwàbí; bó bá dénú rẹ̀, a di odindi. Àwọn baba wa tó pa òwe yìí kò tíì bá agbẹjọ́rò ẹgbẹ́ òṣèlú pàdé. Ẹ sọ odindi fún tọ̀hún wò: kó tó dénú rẹ̀, ó ti di ìdá méjì nínú mẹ́ta.

Nígbà tí àwọn ológun fẹ́ gbé ìjọba fún alágbádá lọ́dún 1979, òfin ìdìbò wọn ní ẹni tí yóò di ààrẹ gbọ́dọ̀ ní ìbò tó pọ̀ jù, kó sì rí ìdá kan nínú mẹ́rin ìbò, ó kéré tán, ní ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan nínú ìdá méjì nínú mẹ́ta gbogbo ìpínlẹ̀. Ìpínlẹ̀ 19 la ní nígbà náà, 19 kò sì ṣeé pín sọ́nà mẹ́ta kó má ṣẹ́kù. Èrò ọ̀pọ̀ ènìyàn ni pé 13 ni òfin ń wí. Bí àwọn àna bá béèrè ìdá méjì nínú mẹ́ta ewúrẹ́ 19, tí ọkọ ìyàwó fa ewúrẹ́ 12 wọlé, tó wá gbé itan àti àyà ìkẹtàlá ka inú àwo, ẹ jẹ́ ká gbọ́ ohun tí ìyá ìyàwó yóò sọ.

Wọ́n dìbò ní ọjọ́ 11 oṣù Kẹjọ. Shehu Shagari ti ẹgbẹ́ NPN ní ìbò 5,688,857. Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ti ẹgbẹ́ UPN ní 4,916,651. Shagari rí ìdámẹ́rin tirẹ̀ ní ìpínlẹ̀ 12. Ní Kano tó yẹ kó ṣìkẹtàlá, 243,423 ló rí nínú 1,220,763, kò tó ìdá kan nínú márùn-ún. Ibẹ̀ ni Richard Akínjídé, agbẹjọ́rò NPN, ọmọ Ìbàdàn, ti yọ ọ̀bẹ: ó ní ìpínlẹ̀ 12 àti ìdá méjì nínú mẹ́ta ni òfin béèrè. FEDECO, àjọ elétò ìdìbò, gbà bẹ́ẹ̀, wọ́n sì kéde Shagari.

Ẹ wo bí wọ́n ṣe gé e, torí ibẹ̀ ni adùn rẹ̀ wà. Wọ́n pín gbogbo ìbò Kano sọ́nà mẹ́ta, wọ́n mú méjì, ó di nǹkan bí 813,842. Ìdámẹ́rin ìyẹn lé díẹ̀ ní 203,000. Wọ́n wá gbé 243,423 Shagari tì í, ó jù ú lọ, ayọ̀ dé. Ṣùgbọ́n inú odindi Kano ni wọ́n ti ṣa ìbò Shagari jọ o! Ọ̀bẹ kò débẹ̀. Ká ní wọ́n gé òun náà bákan náà, 162,282 ni ì bá kù, kò sì ní tó.

Awólọ́wọ̀ pe ẹjọ́. Ní ọjọ́ 26 oṣù Kẹsàn-án, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ fọwọ́ sí ìkéde náà. Adájọ́ Káyọ̀dé Ẹ̀ṣọ́ nìkan ló ní Awólọ́wọ̀ jàre. Mi ò bá ilé ẹjọ́ jà. Nínú èsì tí FEDECO kà, Shagari ló ní ìbò tó pọ̀ jù. Títí dòní ṣá, ẹ pe “twelve two-thirds” létí àgbàlagbà kan n'Íbàdàn, kẹ́ ẹ wá wo ojú rẹ̀.

Ó jọ pé àwọn ológun tó padà dé kọ́gbọ́n. Wọ́n sọ ìpínlẹ̀ di 21 lọ́dún 1987, 30 lọ́dún 1991, 36 lọ́dún 1996. Gbogbo rẹ̀ ló ṣeé pín sọ́nà mẹ́ta láìta ẹ̀jẹ̀ sílẹ̀.

Bí ìṣirò ṣe ń sinmi ni “àti” dìde. Òfin 1999 ní ìdá méjì nínú mẹ́ta gbogbo ìpínlẹ̀ àti Àbújá. Bọ́lá Tinúbú kò rí ìdámẹ́rin ní Àbújá nínú ìdìbò ààrẹ ọdún 2023, ni àwọn agbẹjọ́rò bá fi ọ̀pọ̀ oṣù fa “àti” yìí mọ́ra wọn lọ́wọ́: ṣé ó ka Àbújá mọ́ àwọn ìpínlẹ̀ ni, àbí ó sọ ọ́ di dandan lọ́tọ̀? Ilé ẹjọ́ ní ó kà á mọ́ wọn.

Àwọn aṣòfin tún ti gba ìwé ẹ̀bẹ̀ fún ìpínlẹ̀ tuntun. Gúúsù-Ìlà-Oòrùn tó ní márùn-ún péré ń bẹ̀bẹ̀ fún ẹyọ kan sí i, ẹ̀bẹ̀ náà sì tọ́. Bí wọ́n bá fún wọn, tí ẹlòmíràn kò rí gbà, a di 37. Ẹ bá mi pín in sọ́nà mẹ́ta, kẹ́ ẹ mú méjì.