Wọ́n Ní Kí Wọ́n Má Kọ Nọ́ńbà Síbẹ̀, Wọ́n Kọ Ọ́, Wọ́n Tún Gba Kóòtù Lọ

Ẹ gbà mí o! Àwọn kan jókòó ṣèdánwò. Wọ́n ti sọ fún wọn pé iwájú ìwé nìkan ni kí wọ́n kọ nọ́ńbà ìdánwò wọn sí, kò gbọ́dọ̀ sí nínú ìwé ìdáhùn. Wọ́n kọ ọ́ sínú rẹ̀ gbàgàdà. Nígbà tí àjọ tó ṣètò ìdánwò náà kọ̀ láti máàkì ìwé wọn, ṣé ojú tì wọ́n ni? Kóòtù ni wọ́n forí lé!

Ìpínlẹ̀ Karnataka, lórílẹ̀-èdè Íńdíà, lọ̀rọ̀ yìí ti ṣẹlẹ̀, níbi ìdánwò àtiwọ iṣẹ́ ìjọba. Ìgbìmọ̀ tó ń gbọ́ ẹjọ́ òṣìṣẹ́ ìjọba kọ́kọ́ ṣàánú wọn, ó ní kí wọ́n máàkì ìwé náà. Àjọ ò gbà, ó gbé e dé Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ, àwọn yẹn sì dá àjọ láre lọ́dún 1992.

Ẹni tó ń máàkì ìwé kò gbọ́dọ̀ mọ ẹni tó ni ín, ìdí tí wọ́n fi ṣòfin náà nìyẹn. Ta wá ni wọ́n ń kọ nọ́ńbà hàn nínú ìwé? Mi ò sọ pé ẹnikẹ́ni jẹ rìbá o, ó lè jẹ́ ìgbàgbé. Ẹ má fi ẹnu mi jẹ́rìí.

Ti ọdún 2015 ló bà mí nínú jẹ́ jù. Ìdánwò àtiwọ ilé ẹ̀kọ́ ìṣègùn ni, ní Íńdíà yẹn náà. Wọ́n rán ẹ̀rọ tíntìntín mọ́ síńgílẹ́ẹ̀tì, wọ́n ń ka ìdáhùn sí ọmọ létí! Ọmọ tó fẹ́ máa fi abẹ la ikùn èèyàn! Bí 44 ni wọ́n rí pé wọ́n jẹ nínú ẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn tó lé ní 600,000 ni wọ́n ní kí wọ́n tún ìdánwò ṣe lóṣù July.

Òfin aṣọ wá le níbi àtúnṣe ìdánwò náà. Apá péńpé ni, sálúbàtà ni, bàtà ò gbọ́dọ̀ wọlé, kò sí bọ́tìnnì ńlá. Wọn ò gba ìborí náà, ọ̀rọ̀ ọ̀hún sì di ẹjọ́. Ilé ẹjọ́ ní Kerala gba àwọn ọmọbìnrin Mùsùlùmí méjì láyè kí wọ́n lò ó, bí àwọn ọmọ náà bá ti gbà kí wọ́n yẹ wọ́n wò. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹgbẹ́ kan gbé irú ẹjọ́ náà dé Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ, Adájọ́ Àgbà H. L. Dattu ní ìgbàgbọ́ ẹni kì í torí ìdánwò ọjọ́ kan pòórá. Obìnrin ajẹ́jẹ̀ẹ́ Kátólíìkì kan ní Kerala kọ̀ láti bọ́ ìborí àti àgbélébùú rẹ̀, ó sì padà sílé.

Èmi ò rí ẹ̀bi àwọn obìnrin wọ̀nyẹn. Àwọn tó rán ẹ̀rọ mọ́ síńgílẹ́ẹ̀tì ló ṣí orí ọmọ ọlọ́mọ síta. Àbùkù gbáà!

Ẹ̀yin ìyá tẹ́ ẹ ń mú ọmọ lọ ṣe JAMB ní Nàìjíríà tiwa, fóònù àti aago ọwọ́ ò gbọ́dọ̀ wọ gbọ̀ngàn ìdánwò. Ẹ yẹ ọwọ́ àti àpò ọmọ wò kẹ́ ẹ tó jáde nílé. Owó lọ́yà ju owó fọ́ọ̀mù lọ.