Ọjọ́ Tí Efinrin Pàdé Bọ́tà n'Ílé-Ifẹ̀

Ọkùnrin kan wà n'Ílé-Ifẹ̀ tó gbà pé òun mọ oúnjẹ sè. Ẹni tó ń kọ àpilẹ̀kọ yìí mọ̀ ọ́n dunjú, torí inú dígí ló ti máa ń rí i láràárọ̀. Bàbá Ìbejì ni wọ́n ń pè é ládùúgbò.

Fídíò kan ló kó bá a. Àwọn Faransé ń fi bọ́tà àti ewé olóòórùn dídùn se ẹ̀fọ́ tí kò tíì gbó. Ó ní kí ló dé tí Ifẹ̀ ò fi ní í ṣe irú rẹ̀, pàápàá tí ìyá ìyàwó òun ń bọ̀ lọ́jọ́ Àìkú? Ló bá gba ọjà Odò-Ògbè lọ, ó ra tẹ̀tẹ̀, ṣọkọ àti ewédú tí ewé wọn ṣì rọ̀ múlọ́múlọ́.

Ìlú tó mọ ẹ̀fọ́ ni Ifẹ̀. Láti 2011 sí 2014, àwọn olùkọ́ Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ àti àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn láti Kánádà jọ ṣe ìwádìí lórí àwọn ẹ̀fọ́ ìbílẹ̀ wa, ugwu àti tẹ̀tẹ̀ wà lára wọn. Bàbá Ìbejì ò bi ẹnì kankan nínú wọn. Kò tilẹ̀ bi ìyá tó ta ẹ̀fọ́ fún un.

Orí bọ́tà ló ti kọ́kọ́ ṣubú. Ó kéré tán, ìdá 80 nínú 100 bọ́tà gidi gbọ́dọ̀ jẹ́ ọ̀rá wàrà, omi inú rẹ̀ kò sì gbọdọ̀ ju ìdá 16 lọ. Tútù ni wọ́n ń gé e sínú omi gbígbóná díẹ̀, ní kékeré-kékeré, wọ́n á máa rò ó títí yóò fi ki. Kò gbọdọ̀ hó. Bó bá hó, ọ̀rá á ya sọ́tọ̀, omi á ya sọ́tọ̀. Èyí tí ọ̀gá alásè wa rà kì í tiẹ̀ ṣe bọ́tà: mágárín ni, arọ́pò bọ́tà tí ará Faransé kan, Hippolyte Mège-Mouriès, hùmọ̀ ní 1869. Ó gbé e ka iná gáàsì tó ń jó lala. Kò pẹ́ tó fi di òróró.

Ó da tẹ̀tẹ̀ sí i. Omi inú tẹ̀tẹ̀ tútù lé ní ìdá 90 nínú 100, nítorí náà ohun tó kún ìkòkò dẹ́nu súnkì di ẹ̀kúnwọ́ kan, omi rẹ̀ sì ń ṣàn káàkiri. Kí ọbẹ̀ lè ki, ó rẹ́ ewédú wẹ́wẹ́, ó kó o sí i. Ọlọ́run ló mọ ẹni tó gbà á nímọ̀ràn yẹn! Ọbẹ̀ ki lóòótọ́, ó ń tẹ̀lé ṣíbí bọ̀ lókè bí okùn ìfami.

Ó wá ku ewé olóòórùn. Basil ni ti Faransé. Mọ̀lẹ́bí rẹ̀ ni efinrin wa, Ocimum ni orúkọ ìdílé àwọn méjèèjì, ṣùgbọ́n nínú òróró efinrin ni wọ́n ti ń rí thymol, èròjà kan náà tí wọ́n ń fi sínú oògùn ìfọnu. Ẹ̀kúnwọ́ méjì ló já sí ìkòkò.

Àna rẹ̀ wọlé, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó fa imú.

"Bàbá Ìbejì, ẹ kúulé o. Ta ni inú ń run?"

"Kò sẹ́ni tínú ń run, Màmá. Oúnjẹ ni."

Màmá ṣí ìkòkò, ó wò ó, ó dé e padà jẹ́ẹ́jẹ́. Ó tú gèlè, ó ní kí wọ́n bá òun wá irú, epo pupa àti ata. Ṣọkọ tó ṣẹ́ kù ló fi se ọbẹ̀, iyán ni gbogbo ilé sì fi jẹ ẹ́. Bàbá Ìbejì bù kún tirẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, kò sọ̀rọ̀.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá ṣì fẹ́ dán an wò, ẹ bọ ṣọkọ tàbí tẹ̀tẹ̀ fún ìṣẹ́jú díẹ̀, kẹ́ ẹ fún omi rẹ̀ dànù dáadáa. Ẹ ka ohun tí wọ́n kọ sára bọ́tà kẹ́ ẹ tó sanwó. Ẹ dín iná kù. Ewé efinrin kan tàbí méjì ti tó. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi ewédú sílẹ̀ fún ẹni tó ní ìjábẹ̀.