Ìṣùpọ̀ Ìràwọ̀ Elépo Pupa

Àwòrán ara páálí ló tì mí débẹ̀. Wọ́n ya ìkùukùu ojú ọ̀run aláwọ̀ osùn sí i, wọ́n wá kọ ọ́ gàdàgbà pé awò awọ̀nàjíjìn náà ń sọ nǹkan di ńlá ní ìlọ́po 525. Tòkunbọ̀ ni, ẹnu rẹ̀ kò sì fẹ̀ ju mìlímítà 60 lọ. Ẹni tó tà á fún mi ní bí n kò bá fi ka irun orí áńgẹ́lì, kí n dá a padà. Mo sanwó, n kò tilẹ̀ ná an.

Ìlọ́po 525 yẹn, irọ́ gbuu ni. Ẹ wọn fífẹ̀ ẹnu awò ní mìlímítà, ẹ sọ ọ́ di ìlọ́po méjì: ibẹ̀ lagbára rẹ̀ mọ. Tèmi kò lè ju 120 lọ. Bí èèyàn bá fi tipátipá kọjá ibẹ̀, kùrukùru ló máa rí, kùrukùru ńlá. N kò mọ èyí nígbà tí mo gbé e lọ sílé wa ní Ṣakí, lásìkò tí òjò ti dá, tí eruku ọyẹ́ kò sì tíì dé. Mo ti fọ́nnu fún gbogbo agboolé pé màá fi Pleiades hàn wọ́n, àwọn ìràwọ̀ tí ìwé Jóòbù dárúkọ. NEPA náà ṣe mí lóore, wọ́n mú iná lọ.

Mo ki gíláàsì tó lágbára jù lọ bọ awò náà. Ohun tó jìnnà débi pé ìmọ́lẹ̀ ń lo ohun tó lé ní 400 ọdún lọ́nà kó tó dé ọ̀dọ̀ wa, ṣé kì í ṣe agbára la ó fi wò ó ni? Ìràwọ̀ kan ṣoṣo ni mo rí, òun náà ń gbọ̀n. Àwọn ọmọdé tò sẹ́yìn mi, wọ́n ń yọjú lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n á wo awò, wọ́n á wá yíjú wò mí. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin tó jókòó sórí àpótí, tí kò fi nǹkan kan sójú, ló gbórí sókè. "Ṣé àwọn mẹ́fà tó ṣù jọ sọ́hùn-ún yẹn lò ń wá? Wọ́n mà wà níbẹ̀."

Àgbájọ ìràwọ̀ yẹn fẹ̀ tó nǹkan bí òṣùpá mẹ́rin tí a tò síra, gíláàsì mi kò sì lè gbà ju igun rẹ̀ kan lọ. Èyí tí agbára rẹ̀ kéré jù lọ ni ì bá gbé gbogbo wọn sójú kan náà. Inú páálí ni mo fi í sí.

Charles Messier, ará Faransé, ni mo fi ń tu ara mi nínú. Ìràwọ̀ onírù ni bàbá yìí ń dọdẹ. Ní 1758, nígbà tí wọ́n ń retí ìràwọ̀ onírù Halley, máàpù tí Delisle ọ̀gá rẹ̀ yà fún un kò tọ̀nà. Ó ń wá a níbi tí kò sí, títí àgbẹ̀ kan ní Jámánì, Palitzsch, fi rí i lóru ọjọ́ Kérésìmesì. Lọ́dún yẹn kan náà ni Messier rí kùrukùru kan tó jọ ohun tó ń wá, àmọ́ tí kò kúrò lójú kan. Àṣẹ́kù ìràwọ̀ kan ni, èyí tí àwọn ará Ṣáínà rí ìbúgbàmù rẹ̀ ní 1054. Inú bí i, ó sọ ọ́ di nọ́ńbà kìíní nínú ìwé àwọn ẹlẹ́tàn, kí àwọn ọdẹ bíi tirẹ̀ má baà fi wọ́n ṣòfò òru. Àwọn mìíràn fi kún ìwé náà títí ó fi di 110: ìkùukùu afẹ́fẹ́ òun eruku, àgbájọ ìràwọ̀, títí dórí odindi ìṣùpọ̀ ìràwọ̀. Ohun tó ní ká yẹra fún ni èmi ń fowó mi wá kiri.

Ó sì tún ṣìṣe nínú ìwé àṣìṣe. M40 rẹ̀, ìyẹn nọ́ńbà 40 inú ìwé náà, ìràwọ̀ méjì lásán ni. Ibi tó ní M47 wà, kò sí nǹkan kan níbẹ̀, torí ó ka ìṣirò sódì. Ó lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún kí wọ́n tó mọ èyí tó ní lọ́kàn. Ní 1781 ó jìn sínú àjà ilẹ̀ tí wọ́n ń kó yìnyín sí nínú ọgbà kan ní Paris, apá àti itan rẹ̀ dá. Èmi, gọ́tà ni mo jìn sí, níbi tí mo ti ń fẹ̀yìn rìn tí mo ń wòkè. Omi ibẹ̀ kò tilẹ̀ tó í wẹ̀.

Lẹ́yìn gọ́tà ni mo rí Andromeda, ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ ńlá tó sún mọ́ tiwa jù lọ. Ó ṣe róbótó, etí rẹ̀ ń pọ́n rẹ́súrẹ́sú. Mo figbe ta, gbogbo ilé jí. Mo yí awò sápá òsì, ó bá mi débẹ̀. Mo yí i sápá ọ̀tún, kò kúrò. Mo dojú rẹ̀ kọ páànù ilé Alájì tó ń tan jẹnẹrétọ̀, Andromeda ti gun páànù. Àkàrà ni mo jẹ lálẹ́ ọjọ́ náà, n kò sì fọwọ́ dáadáa kí n tó di gíláàsì mú. Ẹ̀gbọ́n mi fi etí ìró rẹ̀ nu ún. Ó ní, "Ọ̀run ti mọ́ báyìí. Ẹ jẹ́ ká lọ sùn."

Mo wá pinnu pé n ó jìnnà sílé. Ojú ń lò tó ìdajì wákàtí nínú òkùnkùn kó tó là dáadáa, iná funfun ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo sì lè ba gbogbo rẹ̀ jẹ́. Iná pupa ni àwọn awòràwọ̀ ń lò. Mo fi aṣọ pupa wé tọ́ọ̀ṣì mi, mo gba inú pápá lọ. Ẹ fojú inú wò ó: ọkùnrin kan lóṣòó láàárín òru, iná pupa lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ọ̀pá gígùn kan dojú kọ ọ̀run níwájú rẹ̀, ó ń ka nọ́ńbà wúyẹ́wúyẹ́.

"Ta nìyẹn? Nawọ́ sókè!"

Bàbá ọdẹ àdúgbò ni, pẹ̀lú ìbọn.

"Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má yìn ín. Andromeda ni mò ń wá."

"Ọmọ ta ni? Kí lo fẹ́ fi ọmọ ọlọ́mọ ṣe lóru?"

Mo ṣàlàyé, ẹnu mi ń gbọ̀n, mo nawọ́ sí apá àríwá. Bàbá wòkè díẹ̀. "Ṣé kùrukùru kékeré yẹn?" Ojú rẹ̀ ti wà nínú òkùnkùn láti ìrọ̀lẹ́, tèmi ṣì ń ṣẹ́jú. N kò rí nǹkan kan, mo sọ fún un. "O tẹjú mọ́ ọn jù. Ọdẹ kì í tẹjú mọ́ nǹkan lóru. Wo ẹ̀gbẹ́ rẹ̀." Òótọ́ ni: àárín gbùngbùn ojú ni kì í ríran dáadáa nínú òkùnkùn. Mo gbójú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó sì yọ, aláwọ̀ eérú, kò sí osùn kankan lára rẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ti wà lọ́nà láti nǹkan bí mílíọ̀nù 2.5 ọdún. Al-Sufi, ará Páṣíà, ti kọ ọ́ sílẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 964, láìní awò kankan. Kódà Edwin Hubble, tó fi hàn pé ó wà lẹ́yìn òde ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ tiwa, kọ́kọ́ ṣi ìràwọ̀ inú rẹ̀ kan mú ní 1923: ó kọ N síbẹ̀, ìyẹn ìràwọ̀ tó ṣàdédé tàn, ó fagi lé e, ó wá kọ VAR!, ìyẹn èyí tí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ń yí padà. Jíjìnnà tó sì ṣírò fún un kò tó ìdajì òótọ́.

Bàbá fi awò mi sójú, ó gbé e kúrò. "Ó dà bí ìgbà tí èèyàn tutọ́ sára gíláàsì. Èló lo rà á?" Mo dárúkọ ìlàjì owó náà, ó ṣì ké "Họ́wù!" Lẹ́yìn náà ló tú aṣọ pupa kúrò lára tọ́ọ̀ṣì mi, ó kì í bọ àpò. Ó ní àwọn tó kù nínú ẹgbẹ́ àwọn kò ní béèrè ọmọ ẹni tí Andromeda jẹ́ kí wọ́n tó yìnbọn.