Eré Tí Kò Lè Sáré

Ní Òkìtìpupa, ní ilẹ̀ Ìkálẹ̀, PlayStation 2, ẹ̀rọ gẹ́ẹ̀mù tí Sony gbé jáde ní ọdún 2000, kì í kú. Bí ojú tó fi ń ka síídì bá fọ́, fíláàṣì, ìyẹn ẹ̀rọ ìpamọ́ tí kò ju ìka ọwọ́ lọ, ni wọ́n máa ń kì bọ ihò USB rẹ̀. Àmọ́ ihò náà kò lè gbà ju mẹ́gábíìtì 12 lọ ní ìṣẹ́jú àáyá kan, nítorí náà fídíò tó ṣíwájú eré kì í lè sáré, àwọn tó ti fi epo bẹntiróòlù olówó iyebíye tan jẹnẹrétọ̀ yóò sì jókòó tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ bí ẹni tó wà láàfin Abodi, ọba Ìkálẹ̀. Kò sẹ́ni tó gbà pé ẹ̀rọ ti gbó. Wọ́n ní epo ni kò dára.