Ẹjọ́ Ogún, Ọmọ A-Pín-Má-Tán

Ẹjọ́ Ogún, mo kí ọ, mo tún kí ọ.
Ọmọ A-ní-ó-di-oṣù-tó-ń-bọ̀.
Àlejò tó wọlé lọ́jọ́ tí wọ́n sìnkú bàbá, tó bá wọn sin àwọn ọmọ.
Lọ́yà àkọ́kọ́ kú, o ní kí ọmọ rẹ̀ máa bá iṣẹ́ bàbá rẹ̀ lọ.
Adájọ́ fẹ̀yìn tì, ìwọ ò fẹ̀yìn tì.

Ta ni ò mọ ilé rẹ ní Ìjẹgun-Ẹ̀gbá, lọ́nà tí ọkọ̀ agbépo ń tò lọ sí ibi tí wọ́n ń kó epo pamọ́ sí? Ilé oníyàrá mẹ́wàá, ìlẹ̀kùn márùn-ún kọjú sí márùn-ún. Wọ́n fi ọ̀dà pupa kọ ọ́ sára ògiri pé “Ilé yìí kì í ṣe fún títà”, wọ́n kọ nọ́ḿbà ẹjọ́ sábẹ́ rẹ̀. “Kì í ṣe” ló wá bọ́ síbi tí ọ̀ṣọ̀ọ̀rọ̀ ń dà sí. Òjò ti fọ̀ ọ́ dànù, “Ilé yìí fún títà” lèrò ọ̀nà ń kà báyìí. Òrùlé ń jò, kò sẹ́ni tó jẹ́ kan ìṣó kan mọ́ ọn. Ẹni tó bá kàn án, wọ́n á ní ó fẹ́ sọ ilé ẹbí di tirẹ̀. Àwọn ayálégbé nìkan ló ń ṣàdúrà ẹ̀mí gígùn fún ọ: ẹni méjì ló ń béèrè owó ilé, wọ́n láwọn ò mọ ẹni tó tọ́ sí, wọn ò san án fẹ́nì kankan.

Jẹ́ kí n kì ọ́ délé. Ọmọ ẹjọ́ Lewis àti Bankole, 1908. Ọmọ Lopez àti Lopez, 1924, ẹbí kan náà tó di ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ níwájú adájọ́. Ṣùgbọ́n Dawodu àti Danmole lọba wọn. Suberu Dawodu kú ní 1940, ó fi ìyàwó 4 àti ọmọ 9 sílẹ̀. Ṣé ìdí-igi ni ká fi pín in, kí ìdí ìyá kọ̀ọ̀kan gba ìpín kan, àbí orí-ò-jorí, kọ́mọ kọ̀ọ̀kan gba tiẹ̀? Adájọ́ Jibowu ní orí-ò-jorí. Ní 1958, Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ ní ìdí-igi ni. O ò yó síbẹ̀, arìnrìn-àjò! O dé iwájú Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, lọ́dọ̀ àwọn tí òfin wọn ò gbà ju ìyàwó kan lọ, kí wọ́n tó bá wa fẹnu sí ilé oníyàwó mẹ́rin ní 1962 pé ìdí-igi náà ni.

Àìkú! Ní Oṣù Ọ̀wàrà 2020, iná jó Ilé Ẹjọ́ Gíga tó wà ní Igbóṣẹrẹ́, ó jó fáìlì. Fáìlì ló kú.

Wọ́n ní kí o wá pín ilé oníyàrá mẹ́wàá yẹn fún ọmọ mẹ́fà. Yàrá kan di owó lọ́yà, èkejì di owó sọ̀féyọ̀, ẹ̀kẹta di owó ọkọ̀ láti Fẹ́sítáàkì lọ sí Ìkejà. Ìwọ gan-an ni àrólé, àwọn ọmọ kàn ń bá ọ gbélé ni.

Èmi tí mò ń kì ọ́ yìí, n ò gbowó lọ́wọ́ rẹ. Ṣáà fi orúkọ mi kún ìwé ìpẹ̀jọ́, kí n jẹ́ olùjẹ́jọ́ kejìlá. Lọ́jọ́ tí wọ́n bá pín in, ọmọ-ọmọ mi á wá gba tèmi.